Ahọ́n Karùn-ún Adùnbárìn

Bí òjò àkọ́rọ̀ bá kan àpáta tí oòrùn ti sè láti àárọ̀, òórùn kan a máa jáde lára rẹ̀ tí n kò tíì gbọ́ irú rẹ̀ lára nǹkan mìíràn. Ó jọ òórùn ìkòkò tuntun tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ bu omi sí, ó sì tún ní díẹ̀ nínú òórùn láfún tí wọ́n ti sá sórí òkúta náà tẹ́lẹ̀. Níbikíbi tí mo bá ti gbọ́ òórùn yẹn, ilé ìyá mi ní Ọ̀kà ni mo ti dé. Ẹ̀yìn ilé náà fara ti àpáta tó bẹ́ẹ̀ tí àwa ọmọdé fi ń gba ojú fèrèsé yàrá ẹ̀yìn bọ́ sórí òkúta láìfi ẹsẹ̀ kan ilẹ̀. Orí òkúta wọ̀nyẹn la ti ń ṣeré lọ́sàn-án, ibẹ̀ náà ni àwọn ìyá wa ń dúró sí nírọ̀lẹ́ láti pè wá wálé. Kò sí ìyá tó ń wá ọmọ kiri. Kálukú á gun òkúta tó súnmọ́ ilé rẹ̀, á gbé ohùn sókè, á pe orúkọ ọmọ rẹ̀, á sì fi "Wá jẹun o!" kún un. Ohùn wọn á lu àpáta, á padà, á wọnú ara wọn, síbẹ̀ kò sí ọmọ tí kì í mọ ohùn ìyá tirẹ̀ yàtọ̀. Àwa náà á ké padà láti ibi yòówù kí a wà pé, "Mò ń bọ̀ o!" Ẹni tí kò bá dáhùn, pàṣán ni yóò fi jẹun.

Ìyá mi kò kàwé. Iṣu ló ń gbìn, láfún ló ń tà, ẹnu rẹ̀ sì mú débi pé àwọn oníbàárà rẹ̀ a máa wá ra láfún nítorí àtibá a ṣàwàdà. Bí a bá jẹun tán nírọ̀lẹ́, a ó jókòó ti àtẹ ẹ̀gúsí tí a fẹ́ bó, òun á sì gbójú sókè wo ọ̀run, á bi wá pé, "Ṣé oòrùn ti lọ?" Àwa á ké lohùn kan pé, "Ó ti lọ!" Bí ó bá rí i pé ó ku pípọ́n díẹ̀ lórí òkè, kò ní fọhùn. Á máa bó ẹ̀gúsí rẹ̀ lọ ní jẹ́jẹ́ títí pípọ́n náà á fi wọ̀. O ṣáà mọ̀ pé nílẹ̀ wa, wọn kì í pàlọ́ lọ́sàn-án. Nílé àwọn ẹlòmíràn, wọ́n kàn fi ń dẹ́rù ba ọmọ kó lè gbájú mọ́ iṣẹ́ ni. Nílé tiwa, ìyá mi kì í ṣàwàdà lórí ìyẹn, òun tó ń fi gbogbo nǹkan yòókù ṣàwàdà.

Ilẹ̀ Ìkùukùu ni àlọ́ tó fẹ́ràn jù ti ṣẹlẹ̀. Kò sí iyẹ̀pẹ̀ níbẹ̀ rárá. Àpáta ńláńlá ló léfòó lójú ìkùukùu, ìlú kan lórí àpáta kan, okùn ni wọ́n sì fi so wọ́n pọ̀. Ìsàlẹ̀ ni oòrùn ibẹ̀ ti ń gòkè wá, nítorí náà òkè orí ni òjìji àwọn ènìyàn máa ń wà. Ìkùukùu náà a máa jẹ orúkọ. Ọmọ tó bá ṣeré dé etí àpáta jù, ìkùukùu á yọ́ gòkè, á lá orúkọ rẹ̀ jẹ, láti ọjọ́ náà kò sẹ́ni tí yóò lè pè é mọ́, òun náà kò sì ní mọ ẹni tí òun í ṣe. Ohun tó ṣe ọmọ alágbẹ̀dẹ kan nìyẹn. Bàbá ọmọ náà ti rọ agìdìgbo kan kó tó kú, Adùnbárìn lorúkọ rẹ̀. Agìdìgbo tiwa, àpótí ni, àti ahọ́n irin tí a ń fi àtàǹpàkò ta. Ní ti Adùnbárìn, irin tó já kúrò lára oòrùn ni bàbá fi rọ ahọ́n rẹ̀, ahọ́n márùn-ún. Bí o bá ta àkọ́kọ́, òjò á dé. Bí o bá ta èkejì, òkúta á fúyẹ́, o lè fa odindi ìlú bí ẹni ń fa igbá lórí omi. Ẹ̀kẹta ń ṣí ohunkóhun tó bá wà ní títì. Ẹ̀kẹrin ń mú kí gbogbo ohun tó lójú sùn, títí kan ẹni tó ta á. Ìkarùn-ún, kò sí alààyè tó tíì gbọ́ ohùn rẹ̀ rí. Agìdìgbo yìí ni ọmọ náà gbé kọ́ apá, tó ń ti àpáta bọ́ sí àpáta, tó ń wá orúkọ rẹ̀ lọ.

Ètè àti igbá ẹ̀gúsí ni ìyá mi fi ń ṣe ohùn ahọ́n kọ̀ọ̀kan. Ó lè fi èékánná ha etí igbá kí o búra pé òjò ń bọ̀. Ṣùgbọ́n tó bá di ti ìkarùn-ún, á na àtàǹpàkò rẹ̀ sókè, á dá a dúró, gbogbo wa á di èémí mú, á wá rọra sọ ọwọ́ náà kalẹ̀ sórí itan rẹ̀. "Ọ̀la," ni yóò sọ. Tó bá di ọjọ́ kejì, á tún bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, pẹ̀lú ìlú mìíràn àti ewu mìíràn, a ó sì tún bá ara wa lẹ́nu àtàǹpàkò yẹn. A bẹ̀ ẹ́, a sunkún, àbúrò mi kan tiẹ̀ gbààwẹ̀ oúnjẹ alẹ́ lẹ́ẹ̀kan. Ọ̀la náà ni. Mo dàgbà, mo di tíṣà, mo lọ́kọ sí Ìkàrẹ́, n kò mọ ohun tí ahọ́n karùn-ún ń ṣe. Mo gbà pé ọgbọ́n ìyá mi ni, láti fi mú wa jókòó ti ẹ̀gúsí lọ́jọ́ kejì.

Nígbà tí ọmọbìnrin mi kò tíì ju ọmọ kíláàsì kejì lọ, mo mú un lọ lo họlidé ní Ọ̀kà lọ́dọ̀ ìyá mi, tí òun ń pè ní Màmá. Ọ̀rọ̀ àwọn méjèèjì wọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí mo fi ń jowú díẹ̀. Ìyá mi fún un lórúkọ kan tí ẹlòmíràn kì í pè é. N kò ní kọ ọ́ síbí, àwọn méjèèjì ló ni ín. Bí mo bá tẹ̀ wọ́n láago nírọ̀lẹ́, ọmọ yìí kò ní béèrè èmi tàbí bàbá rẹ̀. "Mọ́mì, ọmọ alágbẹ̀dẹ ti ta ahọ́n kẹta o!" ni yóò ké sí mi létí. Mo máa ń rẹ́rìn-ín. Mo mọ ibi tó ń lọ, mo sì mọ̀ pé "ọ̀la" ló ń dúró dè é níbẹ̀.

Òwúrọ̀ ọjọ́ kan ni fóònù mi dún kí n tó jáde nílé. Ìyá mi ni. Kò kí mi, mo sì ti mọ̀ látibẹ̀ pé nǹkan ṣẹlẹ̀. Inú ń run ọmọ náà láti àná. Ó kọ́kọ́ rò pé máńgòrò tí kò pọ́n ló jẹ, ó fún un ní ẹ̀kọ gbígbóná mu, ṣùgbọ́n ó ti ń bì báyìí, kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kan ẹ̀gbẹ́ ikùn rẹ̀ ọ̀tún. Ọkọ mi ti gba ọ̀nà Òkè-Àgbè lọ síbi iṣẹ́ rẹ̀ ní kánsù. Mo pe ọlọ́kọ̀ kan ní àdúgbò wa, a sáré lọ Ọ̀kà, a sáré bọ̀. Ọ̀nà tí mo ti ń rìn láti kékeré, tí mo mọ gbogbo kọ́nà àti gbogbo àpáta rẹ̀, ó gùn mọ́ mi lọ́wọ́ lọ́jọ́ yẹn. Ìyá mi gbé ọmọ náà sẹ́sẹ̀ lẹ́yìn ọkọ̀. Ó ti ró kíjìpá rẹ̀, èyí tí òun fúnra rẹ̀ hun nígbà tí agbára ṣì wà, aṣọ tó nípọn tó kì í wọ̀ àfi tó bá ń lọ ọ̀nà jíjìn.

Dókítà tó yẹ̀ ẹ́ wò ní ilé ìwòsàn ní Ìkàrẹ́ kò fọ̀rọ̀ gùn. Ó ní ẹ̀ka ìfun kan tí wọ́n ń pè ní àpẹ́ńdíìsì ló wú nínú rẹ̀, wọ́n gbọ́dọ̀ ṣiṣẹ́ abẹ kí wọ́n yọ ọ́ lọ́jọ́ náà, tó bá lọ bẹ́ nínú ikùn, ọ̀rọ̀ á di nǹkan mìíràn. Mo fọwọ́ sí ìwé tí wọ́n gbé síwájú mi. Ọkọ mi ti ń bọ̀ lọ́nà. Ohun gbogbo ni ì bá lọ bó ṣe yẹ, bí kò bá ṣe obìnrin kan tó ń tọ́jú ọmọ tirẹ̀ lórí bẹ́ẹ̀dì kejì. Kò ní èrò ibi lọ́kàn. Ó kàn mí kanlẹ̀, ó ní, "Iṣẹ́ abẹ gan-an ò burú o, ìyá ọmọ. Abẹ́rẹ́ tí wọ́n fi ń mú wọn sùn yẹn ni èmi bẹ̀rù. Àwọn mìíràn á kàn sùn lọ ni." Ọmọ mi gbọ́ ọ.

Nígbà tí nọ́ọ̀sì dé láti wá gbé e, ó ti fi ọwọ́ méjèèjì di irin bẹ́ẹ̀dì mú. Ó lágbára ju bí mo ṣe rò lọ. Ó ń sunkún, ó ń bì, ó sì ń dì í mú. Nọ́ọ̀sì náà, ọ̀dọ́mọbìnrin kan tó lójú àánú, bẹ̀ ẹ́, ó ṣèlérí bisikíìtì fún un, ó ní òun á fún un ní ìbọ̀wọ́ rọ́bà kó fẹ́ atẹ́gùn sí kó fi ṣeré. Èmi náà bẹ̀ ẹ́, mo sì tún kígbe mọ́ ọn. Nígbẹ̀yìn ó sọ ọ̀rọ̀ kan láàárín ẹkún, ojú Màmá rẹ̀ ló sì wò sọ ọ́. "Màmá ò tíì sọ ti ahọ́n karùn-ún fún mi. Tí mo bá sùn lọ ńkọ́?"

Gbogbo wa wo ìyá mi. Ojú fèrèsé wọ́ọ̀dù ṣí sílẹ̀ gbayawu, oòrùn ọ̀sán tàn sórí ilẹ̀ títí dé ẹsẹ̀ bẹ́ẹ̀dì. Ìyá mi wo oòrùn náà, ó wo ọmọ, ó yíjú padà, ó sì jáde.

Inú bí mi, n kò lè parọ́. Mo bá a lábẹ́ igi fúrúùtù tó wà níwájú wọ́ọ̀dù, ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì, ó ń fi etí kíjìpá rẹ̀ nu ọwọ́ tí kò sí nǹkan kan lára rẹ̀. Mo ní, "Ìyá, nítorí Ọlọ́run, àlọ́ lásán ni. Ẹ pa á fún un." Èdè Ọ̀kà wa ló fi dá mi lóhùn, èmi ni mo ń sọ ọ́ bí yóò ṣe yé ọ.

"Kí n tó bí ọ," ó ní, "mo ti bí ọkùnrin kan."

Mo mọ̀ pé ẹ̀gbọ́n kan wà ṣáájú mi tí kò dúró. Ohun tí mo mọ̀ kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Wọn kì í pe orúkọ rẹ̀ nílé wa.

"Òun ni mo hun àlọ́ yẹn fún. Kò sẹ́ni tó pa á fún mi, orí mi ni mo ti yọ ọ́. Oko wa lọ́nà Etíoro la wà, ibà mú un. Ó ní kí n pa á fún òun. Mo ní oòrùn ṣì wà lókè. Ó bẹ̀ mí, mo pa á fún un lábẹ́ igi obì. Mo dé ibi ahọ́n kẹrin, oorun gbé e. Mo dákẹ́ kí n má baà jí i." Ó gbé ọwọ́ méjèèjì sórí itan. "Oorun ni mo pè é."

Ìbínú mi pòórá. Mo jókòó tì í, mo di ọwọ́ rẹ̀ mú, mo sọ ohun tí tíṣà máa ń sọ: pé ibà ló pa á, kì í ṣe àlọ́. Ó mi orí. Ó ní, "Mo mọ̀. Ọkàn mi ni kò gbà." Lẹ́yìn náà ló sọ èyí tó ya mí lẹ́nu jù. "Ẹ rò pé mò ń fi òpin àlọ́ náà pamọ́ fún yín. Mi ò mọ̀ ọ́n ni. Mi ò débẹ̀ rí. Ọmọkùnrin mi yẹn ni mo fẹ́ kí á jọ débẹ̀."

Ronú sí i. Gbogbo ìrọ̀lẹ́ tí àtàǹpàkò yẹn fi dúró lókè, tí a rò pé ó ń fi wá ṣeré, ẹnu ibi tí ọmọ rẹ̀ ti sùn ló ń padà dé. Ẹkún gbọ̀n mí. Mo sọ fún un pé kó má ṣèyọnu, wọ́n á gbé ọmọ mi bẹ́ẹ̀, wọ́n á dì í mú, àwọn nọ́ọ̀sì mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Ibẹ̀ ló ti dìde.

"Wọn ò ní fi ẹ̀rù gbé ọmọ yẹn sùn," ó ní. "Mo wà láyé."

Ó wọlé tààrà, ó gun bẹ́ẹ̀dì pẹ̀lú gbogbo ọjọ́ orí rẹ̀, ó tú kíjìpá ìdí rẹ̀, ó ku yẹ̀rì àti bùbá. Ó fa aṣọ náà bo orí ara rẹ̀ àti orí ọmọ, ó sì ń ki etí rẹ̀ bọ abẹ́ bẹ́ẹ̀dì yíká. Nọ́ọ̀sì ní, "Ẹ̀n, Màmá, kí lẹ ń ṣe báyìí? Ooru!"

"Ilẹ̀ ń ṣú ni," ìyá mi dáhùn láti abẹ́ aṣọ.

Ẹ̀rín fẹ́ pa obìnrin bẹ́ẹ̀dì kejì. Nọ́ọ̀sì wò mí, mo fi ojú bẹ̀ ẹ́. Ó rọra lọ ti ilẹ̀kùn wọ́ọ̀dù, ó dúró tì í. Lẹ́yìn náà la gbọ́ ohùn ìyá mi nísàlẹ̀ kíjìpá, ó ń gbọ̀n díẹ̀. "Ṣé oòrùn ti lọ?"

Ọmọ mi fa imú. Ó ní, "Ó ti lọ, Màmá."

Ọmọ alágbẹ̀dẹ ti dé orí àpáta tó kẹ́yìn. Kò sí ìlú lórí rẹ̀, kò sí okùn tó jáde níbẹ̀ mọ́, ìkùukùu sì ti ń gòkè, ó ti kan orúnkún rẹ̀. Ó ta àkọ́kọ́, òjò dé, kò fọ ìkùukùu. Ó ta èkejì, àpáta fúyẹ́, kò ríbi gbé e lọ. Ó ta ẹ̀kẹta, kò sí ilẹ̀kùn níbẹ̀ tí yóò ṣí. Ìkùukùu ti dé ọrùn rẹ̀. Ẹ̀kẹrin ló kàn, ẹ̀rù sì ń bà á, torí pé tó bá sùn létí àpáta, ta ni yóò dì í mú?

"Ṣé ó ta á?" ọmọ mi béèrè.

"Ó ta á."

Ìyá mi sì dákẹ́. Ó dákẹ́ pẹ́ débi pé mo rò pé ibẹ̀ náà ni yóò parí sí lẹ́ẹ̀kan sí i. Mo rí i tí aṣọ náà ń lọ sókè sódò bí ó ṣe ń mí. N kò mọ ohun tó ń rí nínú òkùnkùn yẹn, ṣùgbọ́n mo rò pé mo mọ ẹni tó ń rí.

"Oorun gbé e," ó ní nígbẹ̀yìn, ohùn rẹ̀ kò sì gbọ̀n mọ́. "Ó gbórí lé Adùnbárìn. Bí ó ṣe ń sùn lọ, àtàǹpàkò rẹ̀ bọ́ sórí ahọ́n karùn-ún. Ojú oorun nìkan ni wọ́n ti ń gbọ́ ọ, ìdí nìyẹn tí kò fi sẹ́ni tó mọ̀ ọ́n."

"Báwo ló ṣe dún?"

"Kò dún bí irin rárá. Ohùn ìyá rẹ̀ ló gbọ́. Ìyá rẹ̀ dúró lórí òkúta ẹ̀yìnkùlé wọn, ó ń pè é kó wá jẹun. Ìkùukùu ti jẹ orúkọ náà lẹ́nu gbogbo ayé, àmọ́ kò rí ti ẹnu ìyá rẹ̀ jẹ. Ó pè é lórúkọ rẹ̀ gan-an. Ọmọ náà dáhùn. Bí ó ṣe dáhùn ló lajú, ilé ló bá ara rẹ̀."

Orí kékeré kan yí padà lábẹ́ kíjìpá. Lẹ́yìn náà ni ọmọ mi ní, "Màmá, tí wọ́n bá fún mi ní abẹ́rẹ́ yẹn, ṣé ẹ máa pè mí?"

"Ta ló tún fẹ́ pè ọ́ bí kò ṣe èmi?"

Ó fi irin bẹ́ẹ̀dì sílẹ̀. Òun fúnra rẹ̀ ló bọ́ sórí ibùsùn onítáyà tí wọ́n fi gbé e lọ. Ó na àtàǹpàkò rẹ̀ sókè bí wọ́n ṣe ń tì í lọ, kò sì sọ ọ́ kalẹ̀ títí ilẹ̀kùn tíátà fi pa dé.

A dúró. Ọkọ mi dé, ó jókòó, ó dìde, ó jókòó. Ìyá mi ti ró aṣọ rẹ̀ padà, kò jókòó rárá, ilẹ̀kùn tíátà ló ń ṣọ́. Nígbà tí wọ́n gbé e jáde, dókítà ní ohun gbogbo lọ dáadáa, ìfun náà kò tíì bẹ́, kí a ní sùúrù kó fi jí fúnra rẹ̀. Ọmọ náà nà gbalaja, ètè rẹ̀ gbẹ, ojú rẹ̀ kò sì mì. Mo mọ̀ pé oògùn ni. Síbẹ̀, ẹ̀rù bà mí.

Ìyá mi bi nọ́ọ̀sì bóyá òun lè pè é. Nọ́ọ̀sì ní kó pè é jẹ́jẹ́, kó máa bá a sọ̀rọ̀ sétí. Ìyá mi kò mọ bí wọ́n ṣe ń pe ọmọ jẹ́jẹ́. Ó fẹsẹ̀ múlẹ̀ bí ẹni dúró lórí òkúta, ó fi ọwọ́ méjèèjì bo ẹ̀gbẹ́ ẹnu, ó sì ké orúkọ tí òun nìkan ń pè é. "Wá jẹun o!" Gbogbo ilé ìwòsàn ló gbọ́. Ọmọ kan bú sẹ́kún ní wọ́ọ̀dù kejì, dókítà yọjú, nọ́ọ̀sì di orí mú. Ìyá mi tún ké e.

Ètè ọmọ mi mì. Ojú rẹ̀ ṣì wà ní pípadé nígbà tí ọ̀rọ̀ jáde, ó wúwo, ó ń fà, ṣùgbọ́n gbogbo wa gbọ́ ọ. "Mò ń bọ̀ o."

Ìyá mi jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níbẹ̀, ó sunkún bí n kò ṣe rí i sunkún rí. N kò rò pé gbogbo ẹkún ọ̀hún ni ti ọmọ mi.

Lẹ́yìn ìgbà náà ni mo bi í bóyá abẹ́ aṣọ ka alẹ́. Ó wò mí láti òkè dé ilẹ̀. Ó ní, "Ṣé oòrùn bi ọ́ léèrè ni?" Bí ọ̀rọ̀ náà ṣe parí nìyẹn. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ yẹn lọ, ó ń pe orúkọ ẹ̀gbọ́n mi nílé. Á mẹ́nu bà á lẹ́nu iṣẹ́, bí ó ṣe fẹ́ràn iṣu sísun, bí ó ṣe ń bẹ̀rù ewúrẹ́, títí ó fi di pé mo mọ ẹni tí n kò rí rí.

Ọmọ mi ti wọ yunifásítì nígbà tí àárẹ̀ ìyá mi bẹ̀rẹ̀. Kì í ṣe àìsàn kan tí a lè nàka sí, àgbà ni. A gbé e lọ gbé e bọ̀ títí ó fi sọ pé òun kò fẹ́ kúrò ní Ọ̀kà mọ́. Ọmọ mi wá láti ilé ìwé, a jọ jókòó tì í ní yàrá ẹ̀yìn. Ọ̀sán gangan ni, òjò ti rọ̀ díẹ̀ láàárọ̀, òórùn àpáta ń gba ojú fèrèsé wọlé. Oòrùn tàn sórí ẹsẹ̀ rẹ̀. Ọmọ mi dìde láti ti fèrèsé, ìyá mi fi ìka sọ fún un pé kó fi í sílẹ̀. Ọmọ náà padà jókòó, ó tẹ̀ sí i létí.

"Màmá, ṣé oòrùn ti lọ?"

Ìyá mi wo oòrùn tó wà lórí ẹsẹ̀ ara rẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀. "Ó ti lọ," ó ní.

Ọmọ mi pa á fún un. Ó fi èékánná ha etí igbá, òjò dé. Ó fa ìlú kọjá lójú ìkùukùu. Ó ṣí ilẹ̀kùn. Nígbà tó ta ẹ̀kẹrin, ìyá mi ti pa ojú dé, ọmọ mi sì na àtàǹpàkò rẹ̀ sókè, ó dá a dúró. Èémí ìyá mi ń jìnnà síra. Mo dìde, mo ti la ẹnu láti ké pè é, torí ohun tí mo ti kọ́ nìyẹn. Ọmọ mi di ọwọ́ mi mú, ó mi orí. Ibẹ̀ la wà tí ìyá mi fi sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ fúyẹ́ bíi ti ọmọdé, kì í sì í ṣe àwa ló ń bá sọ̀rọ̀.

"Mò ń bọ̀ o," ó ní.

Ọmọ mi sọ àtàǹpàkò rẹ̀ kalẹ̀.

Mo ti ń ro ọ̀rọ̀ yìí láti ìgbà náà. Mo máa ń rò pé ìgboyà ni ohun tí ìyá mi fún ọmọ mi lọ́jọ́ ilé ìwòsàn. Kì í ṣe ìyẹn nìkan. Ìyá mi wọ abẹ́ aṣọ yẹn láìmọ òpin, pẹ̀lú ohun tó bà á lẹ́rù jù láyé, ó sì rí nǹkan kan níbẹ̀ tí òun náà lè dúró dè: pé ọmọ tó sùn mọ́ òun lójú lábẹ́ igi obì kò sọnù, ó kàn wà níbi tí wọ́n ti lè pe ara wọn ni. Mo gbà á gbọ́ pé ọmọ yẹn ló pè é lọ́sàn-án ọjọ́ tó kú.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, tí àwọn ẹbí ti kún ilé, mo gba ojú fèrèsé jáde bíi ti àtijọ́, mo lọ dúró lórí òkúta tó máa ń dúró sí. Àwọn obìnrin àdúgbò ń pe ọmọ wọn. Mo ń gbọ́ orúkọ lọ́tùn-ún, mo ń gbọ́ orúkọ lósì, àwọn ọmọ ń dáhùn, ohùn kan ṣoṣo tí mo ń fetí sí ni kò sí láàárín wọn. Mo dúró títí wọ́n fi pe gbogbo ọmọ tán. Lẹ́yìn náà ni mo gbọ́ ohùn kan láti ẹ̀yìnkùlé wa, ó ké gẹ́gẹ́ bí ìyá mi ṣe máa ń ké e. "Mọ́mì! Ẹ wá jẹun o!"

Mo fi ọwọ́ méjèèjì bo ẹ̀gbẹ́ ẹnu. Mo ké padà pé mò ń bọ̀.